OWÓ OṢÙ NÍ Í PE ỌMỌ-OGUN, ÌLÉRÍ TÍ A MÚ ṢẸ NÍ Í DÁ A DÚRÓ

Ọ̀rọ̀ tí a sọ níbi ìpàdé ọdọọdún Ẹgbẹ́ Ìtẹ̀síwájú Ìlú wa

 

Ọ̀rọ̀ tí a mú wá lónìí jẹ mọ́ iṣẹ́ ológun: owó tí a ń san fún ọmọ-ogun, àwọn ẹ̀tọ́ tí ó so mọ́ ọn, àti bí nǹkan wọ̀nyí ṣe ń mú kí ènìyàn wọ iṣẹ́ náà tàbí kí ó fi í sílẹ̀. Ẹlòmíràn lè béèrè pé kí ni ó kan ẹgbẹ́ ìlú nínú èyí. Ó kàn wá gidigidi. Àwọn ọmọ wa ń bẹ ní Amẹ́ríkà, wọ́n sì ń dàgbà níbẹ̀. Bí ọmọ bá pe ilé lórí tẹlifóònù pé òun fẹ́ wọ iṣẹ́ sójà, ìyá a fi igbe ta, nítorí pé ikú nìkan ni ó ń rí. Bàbá a ní kí ọmọ má ṣe jáfara, nítorí pé dọ́là nìkan ni ó ń rí. Àwọn méjèèjì kò tí ì béèrè ohun tí ó wà nínú ìwé tí ọmọ fẹ́ fọwọ́ sí. Àgbà kì í wà lọ́jà kí orí ọmọ tuntun wọ́. Ṣùgbọ́n bí àgbà kò bá mọ ọjà tí ọmọ ń ná, báwo ni yóò ṣe gbà á nímọ̀ràn?

Ẹ jẹ́ kí a kọ́kọ́ rántí pé sísan owó oṣù fún ọmọ-ogun kì í ṣe àṣà àwọn baba ńlá wa. Ní ayé ogun ọ̀rúndún kọkàndínlógún, ọmọ-ogun Ìbàdàn tàbí ti Ìjàyè kò ní owó oṣù. Ìkógun ni èrè rẹ̀, ọ̀dọ̀ olórí ogun tí ó ń tẹ̀ lé ni ó ti ń rí ìrànlọ́wọ́, oko ni ó sì ń padà sí bí ogun bá rọlẹ̀. Ìgbà tí Glover, ẹni tí àwọn ará Èkó ń pè ní Gólóbà, ń ṣe àkóso Èkó ní àwọn ọdún 1860 ni ó kó àwọn Hausa jọ, tí ó wọ aṣọ ogun fún wọn, tí ó sì ń san owó fún wọn. Ọ̀pọ̀ nínú wọn jẹ́ ẹrú tí ó sá kúrò lọ́dọ̀ àwọn olówó wọn. Kí ni ó fà wọ́n? Owó ni, òmìnira sì ni. Inú bí àwọn olówó ẹrú, ṣùgbọ́n ohun tí Gólóbà fi lọ àwọn ènìyàn náà ju ohun tí wọ́n fi sílẹ̀ lọ. Láti ìgbà náà ni ìlànà kan ti fara hàn tí a óò máa bá pàdé jálẹ̀ ọ̀rọ̀ wa: ẹni tí ó fẹ́ wọ iṣẹ́ ogun a máa fi ohun tí a fi lọ̀ ọ́ wé ohun tí ó wà níta.

Nísinsìnyí ẹ jẹ́ kí a kọjá sí Amẹ́ríkà, níbi tí àwọn ọmọ wa wà, tí ọ̀rọ̀ náà sì ti hàn gbangba. Títí di ọdún 1973, ìjọba Amẹ́ríkà ní agbára láti fi òfin mú ọ̀dọ́mọkùnrin wọ iṣẹ́ ogun, yálà ó fẹ́ tàbí ó kọ̀. Nígbà tí òfin lè mú un, kò sí ohun tí ó ń ti ìjọba láti san owó gidi fún un. Nígbà tí ogun Vietnam ń lọ lọ́wọ́, tí ọ̀pọ̀ ọ̀dọ́ sì ń kọ̀ láti lọ, Ààrẹ Nixon yan ìgbìmọ̀ kan ní 1969, ó sì fi Thomas Gates, ẹni tí ó ti jẹ́ mínísítà ètò ààbò rí, ṣe alága rẹ̀. Milton Friedman, ọ̀mọ̀wé nípa ọrọ̀ ajé, wà nínú ìgbìmọ̀ náà. Wọ́n jábọ̀ ní oṣù kejì ọdún 1970. Wọ́n ní ọ̀dọ́ tí a fi ipá mú, tí a sì ń san owó kékeré fún, ń san owó-orí kan tí ẹnikẹ́ni kò kọ sínú ìwé. Owó-orí náà ni ìyàtọ̀ tí ó wà láàárín ohun tí ìjọba ń fún un àti ohun tí ì bá rí gbà níbi iṣẹ́ mìíràn. Wọ́n dámọ̀ràn pé kí owó oṣù àwọn tí ó wà ní ọdún méjì àkọ́kọ́ lẹ́nu iṣẹ́ kúrò ní dọ́là 180, kí ó di dọ́là 315.

Ilé Aṣòfin ṣiṣẹ́ lé ọ̀rọ̀ náà lórí. Ní ìparí ọdún 1971, owó oṣù ìpìlẹ̀ sójà tí ó ṣẹ̀ṣẹ̀ wọlé fẹ́rẹ̀ẹ́ di ìlọ́po méjì lẹ́ẹ̀kan ṣoṣo. Ní 1973, agbára láti fi òfin mú ènìyàn wọ iṣẹ́ ogun parí. Láti ìgbà náà wá, ẹni tí ó bá yọ̀ǹda ara rẹ̀ nìkan ni ó ń wọ iṣẹ́ ogun ní Amẹ́ríkà.

Ṣùgbọ́n owó tí ó tó lánàá lè má tó lónìí. Ní àwọn ọdún tí ó tẹ̀ lé e, ọjà wọ́n gógó ní Amẹ́ríkà, owó oṣù ọmọ-ogun kò sì bá a lọ. Kò tán síbẹ̀. Ètò ẹ̀kọ́ ọ̀fẹ́ kan wà fún àwọn ọmọ-ogun, tí a ń pè ní GI Bill, tí a dá sílẹ̀ ní 1944. Nípa rẹ̀ ni àwọn tí ó ti ojú ogun àgbáyé kejì bọ̀, tí iye wọn lé ní mílíọ̀nù méjì, fi lọ sí kọ́lẹ́ẹ̀jì àti yunifásítì. Ìjọba ti ilẹ̀kùn ètò yìí mọ́ àwọn tí ó bá wọ iṣẹ́ lẹ́yìn ọjọ́ 31 oṣù kejìlá ọdún 1976. Nígbà tí ó di 1979, ẹ̀ka ológun mẹ́rẹ̀ẹ̀rin, ti orí ilẹ̀, ti ojú omi, ti òfurufú àti ti àwọn Marine, ni kò rí iye ènìyàn tí wọ́n ń wá. Èyí tí ó tún burú jù ni pé àwọn sájẹ́ǹtì tí ó mọ iṣẹ́ dunjú ń lọ. A lè fi oṣù díẹ̀ kọ́ ẹni tuntun ní ìbọn yíyìn. Ṣùgbọ́n ọdún mẹ́wàá ni a fi ń ní sájẹ́ǹtì ọlọ́dún mẹ́wàá, kò sì sí ọjà tí a ti lè rà á.

Ilé Aṣòfin fi ìdá 11.7 nínú ọgọ́rùn-ún kún owó oṣù wọn ní 1980, ó sì tún fi ìdá 14.3 kún un ní 1981. Ní àkókò yìí kan náà, iṣẹ́ di ọ̀wọ́n fún àwọn ọ̀dọ́ níta. Owó inú iṣẹ́ ogun pọ̀ sí i, iṣẹ́ ìta dínkù, àwọn ènìyàn wọlé, wọ́n sì dúró. Ní 1985, ètò ẹ̀kọ́ tuntun gba ipò èyí tí a ti pa tì.

Ẹ̀yin ènìyàn wa, níhìn-ín ni a bẹ̀ yín kí ẹ fetí sílẹ̀ jù. Ohun tí ó ń mú ènìyàn wọlé lè máà jẹ́ ohun tí ó ń dá a dúró. Nígbà mìíràn, ohun kan náà tí ó fà á wọlé ni yóò fà á jáde. Ẹ wo ẹ̀kọ́ ọ̀fẹ́. Ọmọ tí ó wọ iṣẹ́ ogun kí ó lè rí owó yunifásítì ní láti wá àyè láti lọ jókòó níwájú olùkọ́, ọ̀pọ̀ ni ó sì ń fi iṣẹ́ sílẹ̀ nítorí rẹ̀. Àwọn aṣòfin rí èyí. Nígbà tí òfin ẹ̀kọ́ mìíràn bẹ̀rẹ̀ ní oṣù kẹjọ ọdún 2009, wọ́n fi àyè kan sí i pé ọmọ-ogun lè gbé ẹ̀tọ́ ẹ̀kọ́ rẹ̀ fún aya tàbí ọmọ rẹ̀, bí ó bá ti lo ọdún mẹ́fà lẹ́nu iṣẹ́, tí ó sì gbà láti lo mẹ́rin sí i. Báyìí ni ohun tí ń fa bàbá jáde ṣe di ohun tí ó ń dá a dúró nítorí ọmọ.

Ẹ tún wo owó ìfẹ̀yìntì. Lábẹ́ ètò àtijọ́, ẹni tí ó bá lo ogún ọdún a máa gba ìdajì owó oṣù ìpìlẹ̀ rẹ̀ títí ọjọ́ ikú. Ṣùgbọ́n ẹni tí ó bá lo ọdún mọ́kàndínlógún, tí ó sì fi iṣẹ́ sílẹ̀, lọ́wọ́ òfo ni yóò lọ sílé. Owó náà dá àwọn tí ó ti lo ọdún mẹ́wàá dúró gbọn-in, ṣùgbọ́n nínú ènìyàn márùn-ún tí ó wọ iṣẹ́ náà, bí mẹ́rin ni kò dé ibi tí a ti ń pín in. Láti ọdún 2018 ni a ti yí i padà fún àwọn tí ó ń wọlé. Owó ìfẹ̀yìntì ẹni tí ó lo ogún ọdún ti di ìdá 40 nínú ọgọ́rùn-ún. Ṣùgbọ́n ìjọba tún ń fi owó sínú àpò ìpamọ́ olúkúlùkù, ìdá kan láìbéèrè, ó sì lè tó ìdá márùn-ún bí ọmọ-ogun náà bá ń fi ìdá márùn-ún tirẹ̀ síbẹ̀. Ẹni tí ó ti lé ní ọdún méjì lẹ́nu iṣẹ́ lè kó èyí lọ bí ó bá ń lọ.

Kí a má gbàgbé ọ̀rọ̀ àìpẹ́ yìí. Ní 2022, ilé-iṣẹ́ ológun orí ilẹ̀ ń wá ènìyàn 60,000. Ó fi bí 15,000 dín. Ó tún kùnà ní 2023. Iṣẹ́ pọ̀ níta, owó sì wà nínú iṣẹ́ náà. Nǹkan mìíràn ni ó tún dè wọ́n lọ́wọ́: ìwádìí ilé-iṣẹ́ ètò ààbò wọn ní 2020 fi hàn pé nínú ọ̀dọ́ 100, bí 77 ni kò yẹ fún iṣẹ́ náà láìjẹ́ pé a yọ̀ǹda fún wọn, yálà nítorí sísanra jù, tàbí oògùn olóró, tàbí àìsàn, tàbí ìdánwò tí wọn kò lè yege. Kí ni wọ́n ṣe? Wọ́n dá ilé-ẹ̀kọ́ sílẹ̀! Ní oṣù kẹjọ 2022, ní Fort Jackson, wọ́n bẹ̀rẹ̀ sí gba àwọn ọ̀dọ́ tí ó kù díẹ̀ kí wọ́n yege, wọ́n ń kọ́ wọn ní ìwé kíkà àti ìṣirò, wọ́n sì ń mú kí ara wọn le. Ní 2024 wọ́n rí 55,000 tí wọ́n ń wá, bí ìdá kan nínú mẹ́rin wọn ni ó sì gba ilé-ẹ̀kọ́ yìí kọjá. Ní 2025 wọ́n rí 61,000 kí ọdún iṣẹ́ wọn tó parí. Ní oṣù kẹrin ọdún náà, owó oṣù àwọn ọmọ-ogun kékeré gòkè. Àròpọ̀ èyí àti àfikún oṣù kìíní jẹ́ bí ìdá 14.5 nínú ọgọ́rùn-ún, owó ìpìlẹ̀ ẹni tuntun sì kọjá dọ́là 2,300 lóṣù. Àwa olùkọ́ kò lè ṣàìsọ ọ́ pé owó nìkan kò ṣe iṣẹ́ náà. Tíṣà bá a ṣe é.

Ọ̀kan kù nínú àwọn ẹ̀tọ́ náà tí ó kan ará wa ju ẹlòmíràn lọ, òun ni ìwé jíjẹ́ ọmọ orílẹ̀-èdè. Ní oṣù keje ọdún 2002, Ààrẹ Bush pàṣẹ pé àjèjì tí ó bá ń ṣiṣẹ́ ogun láti ọjọ́ 11 oṣù kẹsàn-án ọdún 2001 wá lè béèrè láti di ọmọ Amẹ́ríkà láìdúró de iye ọdún tí àwọn yòókù ń dúró dè. Ẹni tí ó ní gíríìnkáàdì lè wọ iṣẹ́ náà. Ní 2009, wọ́n tún ṣí ilẹ̀kùn mìíràn, tí wọ́n ń pè ní MAVNI, fún àwọn tí kò ní gíríìnkáàdì ṣùgbọ́n tí wọ́n jẹ́ oníṣẹ́ ìlera tàbí tí wọ́n gbọ́ èdè tí àwọn ológun ń wá. Yorùbá wà lára àwọn èdè náà, Hausa àti Igbo pẹ̀lú. Ó lé ní 10,000 ènìyàn tí ó gba ibẹ̀ wọlé. Ṣùgbọ́n ní 2016 a ti ilẹ̀kùn náà. Àwọn kan tí wọ́n ti fọwọ́ sí ìwé dúró fún ọdún púpọ̀ lẹ́nu àyẹ̀wò, ìwé ìgbélùú àwọn mìíràn parí bí wọ́n ti ń dúró, a sì dá àwọn kan sílẹ̀ láìjẹ́ kí wọ́n bẹ̀rẹ̀. Ọ̀rọ̀ náà dé ilé ẹjọ́. Ìlérí tí ó wúwo jù lọ ni ó tún jẹ́ èyí tí ó ṣòro jù lọ fún àwọn kan láti rí gbà.

Kí a má sì rò pé lókè òkun nìkan ni ìlérí ti lè yẹ̀. Ní ọjọ́ kìíní oṣù kejìlá ọdún 1944, ní Thiaroye lẹ́bàá Dakar, àwọn ọmọ-ogun Adúláwọ̀ tí wọ́n jà fún Faransé, tí wọ́n sì ti ẹ̀wọ̀n àwọn Jámánì bọ̀, béèrè owó wọn tí a kò tí ì san. Ìbọn ni wọ́n fi dá wọn lóhùn. Ọdún 2024 ni Ààrẹ Faransé tó pè é ní ìpakúpa. Ní ọjọ́ 28 oṣù kejì ọdún 1948, ní Accra, àwọn tí wọ́n ti ṣiṣẹ́ ogun fún ìjọba Gẹ̀ẹ́sì kó ẹ̀bẹ̀ wọn lọ́wọ́, wọ́n ń lọ sọ́dọ̀ Gómìnà nítorí ẹ̀tọ́ wọn. A yìnbọn pa mẹ́ta nínú wọn, Sájẹ́ǹtì Adjetey, Kọ́pùrà Attipoe àti Odartey Lamptey. Ìlú dàrú, ìjọba Gẹ̀ẹ́sì níbẹ̀ kò sì tún fẹsẹ̀ múlẹ̀ bí ti àtẹ̀yìnwá mọ́. Ní Nàìjíríà tiwa, àwọn tí ó fẹ̀yìn tì nínú iṣẹ́ ogun ti jáde ju ẹ̀ẹ̀kan lọ sí ìgboro Abùjá láti béèrè ẹ̀tọ́ tí wọ́n ní a kò san fún wọn. Ọ̀dọ́ tí ó ń wo àgbà ọmọ-ogun lójú pópó pẹ̀lú páálí lọ́wọ́ ń kọ́ ẹ̀kọ́ kan tí ìpolówó ọ̀gá ológun kò lè pa rẹ́. Bí a ti tọ́jú ẹni tí ó ń jáde ni ẹni tí ó fẹ́ wọlé ń wò.

Nítorí náà, kí ni a óò sọ fún ọmọ wa tí ó pè wá lórí tẹlifóònù? A kò wí pé kí ó lọ, a kò sì wí pé kí ó má lọ. Iṣẹ́ tí ó ní ọlá ni, ewu sì ń bẹ nínú rẹ̀. Ẹni tí yóò jẹ oyin inú àpáta kì í wo ẹnu àáké. Ṣùgbọ́n ó yẹ kí ó mọ̀ bóyá oyin wà níbẹ̀. Ẹ jẹ́ kí a bi í ní ìbéèrè wọ̀nyí.

Ekíní, ọdún mélòó ni ìwé náà dè é? Bí ó tilẹ̀ jẹ́ ọdún mẹ́rin ni wọ́n pè é, àpapọ̀ ọdún mẹ́jọ ni ẹni tuntun sábà máa ń jẹ ní gbèsè. Àwọn ọdún tí ó kù ni yóò wà ní ìpamọ́ tí a lè pè é padà.

Ekejì, ṣé ohun tí wọ́n fi ẹnu sọ wà nínú ìwé? Ọ̀rọ̀ púpọ̀ kò kún agbọ̀n. Ohun tí a kò bá kọ sílẹ̀, kí ó má gbé ọkàn lé e.

Ẹkẹta, bí wọ́n bá fún un ní owó ńlá lẹ́ẹ̀kan nítorí pé ó fọwọ́ sí ìwé, ṣé ó mọ̀ pé wọ́n lè gba èyí tí kò tíì tọ́ sí i padà bí kò bá lo ọdún rẹ̀ pé? Kí ó má ṣe fi gbogbo rẹ̀ ra ọkọ̀.

Ẹkẹrin, ṣé ó mọ̀ pé bí ó ṣe jáde ṣe pàtàkì bí ó ṣe wọlé? Ẹni tí a dá sílẹ̀ pẹ̀lú ọlá ni ẹ̀tọ́ ẹ̀kọ́ ṣí sílẹ̀ fún. Ẹni tí ó sì di ọmọ orílẹ̀-èdè nípa iṣẹ́ ogun lè pàdánù rẹ̀ bí a bá lé e pẹ̀lú àbùkù kí ó tó lo ọdún márùn-ún.

Ẹkarùn-ún, ṣé yóò fi ìdá márùn-ún pamọ́ kí ìjọba lè fi tirẹ̀ kún un? Àwa tí a ń retí owó láti ọwọ́ ọmọ ni kí a jẹ́ ẹni àkọ́kọ́ tí yóò rọ̀ ọ́ láti fi èyí pamọ́ kí ó tó rántí wa.

Ẹkẹfà, orúkọ ta ni ó kọ sínú ìwé adójútòfò? Láti oṣù kẹta ọdún 2023, owó náà lè tó dọ́là 500,000 bí ọmọ-ogun bá kú, yàtọ̀ sí dọ́là 100,000 tí ìjọba ń san fún àwọn tí ó fi sílẹ̀. Ọ̀rọ̀ yìí wúwo láti sọ, ṣùgbọ́n aya, àbúrò àti òbí tí kò bára wọn sọ ọ́ nígbà ayọ̀ lè fi ẹjọ́ bára wọn sọ ọ́ nígbà ọ̀fọ̀.

Fún ẹgbẹ́ wa, ohun méjì ni a bẹ̀bẹ̀ fún. Àkọ́kọ́, kí àwọn ẹ̀ka wa ní ẹ̀yìn odi wá àwọn ọmọ ìlú wa tí ó ti ṣe iṣẹ́ yìí rí, kí wọ́n jókòó ti ọ̀dọ́ kí ó tó fọwọ́ sí ìwé. Ẹnu ẹni tí ó ti lọ tí ó sì ti bọ̀ ni ọ̀rọ̀ náà ti dùn ún gbọ́. Èkejì, kí a má dẹwọ́ lórí ètò ìrànlọ́wọ́ ẹ̀kọ́ wa nílé. Ọmọ tí ó mọ ìṣirò, tí ó sì mọ ìwé kà, ní ọ̀nà púpọ̀ níwájú rẹ̀. Bí irú ọmọ bẹ́ẹ̀ bá yan iṣẹ́ ogun, yóò yàn án nítorí pé ó fẹ́ ẹ, kì í ṣe nítorí pé ibòmíràn tì mọ́ ọn. Ẹni tí ó yàn báyìí ni ilé-iṣẹ́ ogun fẹ́, òun náà ni ìlú fẹ́.

Kí Ọlọ́run ṣọ́ àwọn ọmọ wa ní ibikíbi tí wọ́n bá wà. Àwọn tí ó lọ, a óò fi ayọ̀ pàdé wọn. Kí ìlú wa máa tòrò, kí ẹgbẹ́ wa máa gbèrú sí i.